Ìmọ́lẹ̀ Wo Lo Fi Rí I?

Bàbá Pẹ́ntà kì í sọ ọ́ jáde pé ó rẹ òun. Bí ẹ bá kí i lójú ọ̀nà láàárọ̀ pé ara ńkọ́, á ní ara le, á gbé búrẹ́dì tó rà mọ́ abíyá, á sì máa lọ. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá wo ìrìn ẹsẹ̀ rẹ̀ á mọ̀. Ó ń wọ́ ọ nílẹ̀ bí ẹni tó ń fa àkàbà lẹ́yìn. Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi kun ilé fún àwọn èèyàn, ó kun yàrá, ó kun ọ́fíìsì, ó na ọrùn sókè kun àjà ilé-ìwé, kò sì rẹ̀ ẹ́ báyìí rí. Iṣẹ́ tó wá rẹ̀ ẹ́ tẹnutẹnu lọ́jọ́ ogbó kò ní búrọ́ọ̀ṣì nínú. Ìyàwó rẹ̀ ló ń tọ́jú.

Ẹlẹ́rìn-ín ni wọ́n ń pe ìyàwó náà láti ìgbà ọmọge, nítorí pé bó bá rẹ́rìn-ín nísàlẹ̀ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, ẹni tó wà lókè á bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín láìmọ ohun tí wọ́n ń rín. Ẹgbẹ́ ni òun àti ọkọ rẹ̀, àdúgbò kan náà ni wọ́n ti dàgbà, nítorí náà "ìwọ" ni wọ́n ń pe ara wọn. Ìyá ọkọ bá a wí títí nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé pé kó máa fi "ẹ̀yin" pọ́n ọkọ rẹ̀ lé. Ẹlẹ́rìn-ín ní, "Ẹ má bínú, mà. Ẹni tí mo ti mọ̀ látìgbà tí ikun ń dà nímú rẹ̀, báwo ni mo ṣe fẹ́ máa pè é ní ẹ̀yin?" Ìyá ọkọ fẹ́ bínú, ẹ̀rín gbà á lẹ́nu, ọ̀rọ̀ náà sì parí síbẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ ò lè mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ láàárín àwọn méjèèjì tí ẹ ò bá mọ̀ nípa àwọn Abèèrè.

Nígbà tí Bàbá Pẹ́ntà ṣì wà ní géńdé, ó kun yàrá kan fún obìnrin kan tó ń gbé lókè ṣọ́ọ̀bù atúnagoṣe. Obìnrin náà ti ibi iṣẹ́ dé, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó figbe ta. Ó ní àwọ̀ eérú lòun ní kó kùn, kí ló dé tó fi lọ kun búlúù? Pẹ́ntà ní eérú ni. Obìnrin ní búlúù ni. Pẹ́ntà ní, "Àbí ẹ fọ́jú ni?" Ariwo wọn ló gbé atúnagoṣe gòkè, bàbá arúgbó kan tó rí tẹ́ẹ́rẹ́, tó máa ń há gíláàsì kékeré kan sójú kan ṣoṣo. Bàbá náà ò bá wọn pariwo. Ó fa Pẹ́ntà lọ sẹ́nu ọ̀nà níbi tí obìnrin náà dúró sí, ó sì ní kí obìnrin náà lọ dúró sídìí fèrèsé níbi tí Pẹ́ntà ti ń ṣiṣẹ́. Ó wá bi wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, jẹ́ẹ́jẹ́, "Ìmọ́lẹ̀ wo lo fi rí i?"

Láti ẹnu ọ̀nà, ògiri náà búlúù bí aṣọ ọmọ ilé-ìwé. Láti ìdí fèrèsé, eérú ni. Ojú ti àwọn méjèèjì.

Bí Pẹ́ntà ṣe di ọmọ ẹ̀yìn atúnagoṣe nìyẹn. Kì í ṣe aago ló ń kọ́ lọ́dọ̀ rẹ̀ o, bí a ṣe ń wo nǹkan ni. Bàbá náà ti jókòó pẹ́ nídìí fèrèsé kan ṣoṣo, ó ti wo bí oòrùn ṣe ń rìn kọjá lórí tábìlì rẹ̀, ó sì ti rí i pé aago tí oníbàárà gbé wá láàárọ̀ pé wúrà ni, oníbàárà yẹn kan náà lè pè é ní bàbà nírọ̀lẹ́, kó má sì purọ́ nígbà méjèèjì. Ó ní ìmọ́lẹ̀ kì í fi nǹkan hàn wá. Ó ní ìmọ́lẹ̀ ń bá nǹkan sọ̀rọ̀ ni, àwa kàn ń gbọ́ díẹ̀ níbẹ̀, bí ẹni tó ń gba ẹ̀yìn ilẹ̀kùn kọjá. "Ìdajì lohun tójú rí," ló máa ń wí. "Ìdajì yòókù wà lójú ẹlòmíràn." Nítorí náà, èèwọ̀ ni láàárín òun àti àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ pé kéèyàn sọ fún ẹnì kejì rẹ̀ pé ohun tó rí kò sí níbẹ̀. Kó o tó sọ ohunkóhun, wàá kọ́kọ́ bi í ní ìmọ́lẹ̀ tó fi rí i. Ìdí nìyẹn táwọn aráàlú fi ń pè wọ́n ní Abèèrè, àwọn náà sì gba orúkọ náà.

Wọn ò pọ̀ rí. Lọ́sàn-án Sátidé, wọ́n á gbé ife kan sórí tábìlì, wọ́n á jókòó yí i ká, oníkálukú á sì sọ èyí tó rí. Ọ̀kan á ní òjìji ife náà gùn ju ife fúnra rẹ̀ lọ. Òmíràn á ní etí rẹ̀ ń dán bí ojú ọ̀bẹ. Kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ jiyàn. Tí ọ̀rọ̀ bá tán lẹ́nu wọn, wọ́n á pààrọ̀ àga, wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí atúnagoṣe kú, Bàbá Pẹ́ntà ni ẹ̀kọ́ náà já lé léjìká, pálọ̀ rẹ̀ sì di ilé ìpàdé. Ẹlẹ́rìn-ín ò bá wọn jókòó rí. Á gbé tíì fún wọn, á wo ife tó wà láàárín tábìlì, á ní, "Ife ni o," á sì rẹ́rìn-ín padà sí kíṣìnnì.

Àìsàn rẹ̀ ò pariwo wọlé. Ó kọ́kọ́ ń gbàgbé ìkòkò sórí iná. Nígbà tó yá, ó ń fi bàtà pamọ́ sínú ìkòkò. Nígbà tó tún yá, àwọn èèyàn dé sínú kọ́tíìnì.

Ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n máa ń dé, nígbà tí oòrùn bá rẹlẹ̀ tó sì gba ẹ̀gbẹ́ kọ́tíìnì yọ́ wọ pálọ̀. Ẹlẹ́rìn-ín á nàka sí wọn. "Àwọn wo nìyẹn? O ò ní fún wọn lága ni?"

Bàbá Pẹ́ntà á fi ohun tó ń ṣe sílẹ̀, á bẹ̀rẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, á ní, "Ìmọ́lẹ̀ wo lo fi rí wọn?"

Ẹlẹ́rìn-ín á wò ó, á wo kọ́tíìnì, á tún wò ó. Nígbà mìíràn á bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọwọ́ lọ́ etí aṣọ rẹ̀ títí aṣọ á fi ya.

Àkọ́bí wọn obìnrin, tó ń ṣiṣẹ́ ní báńkì tó sì máa ń yà lọ́dọ̀ wọn tó bá jáde níbi iṣẹ́, rí èyí lọ́jọ́ kan, inú bí i. "Bàámi, ẹ yé bi wọ́n ní ìbéèrè yẹn. Dókítà ní kẹ́ ẹ máa fi wọ́n lọ́kàn balẹ̀ ni."

"Mi ò bá a jiyàn. Ìbéèrè lásán ni."

"Ìbéèrè yẹn ń dẹ́rù bà wọ́n. Ẹ sì wo ara yín. Àǹtí Aránṣọ, àbúrò Màámi, ní àwọn ṣe tán láti máa wá jókòó ti ẹ̀gbọ́n àwọn. Ẹ ò ṣe jẹ́ kí wọ́n wá?"

"Ìyàwó mi ni," ni Bàbá Pẹ́ntà dá a lóhùn. "Èmi ni mo fẹ́ ẹ, Aránṣọ kọ́."

Ọmọ náà mí kanlẹ̀, ó gbé báàgì rẹ̀, ó lọ.

Kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa ni Bàbá Pẹ́ntà máa ń dìde. Á yọ aṣọ tó ti tutù lábẹ́ Ẹlẹ́rìn-ín, á fọ̀ ọ́, á sá a sórí irin bálíkónì, á po tíì, á fi búrẹ́dì bọ inú rẹ̀ kó lè rọ̀. Tó bá fi síbí kan Ẹlẹ́rìn-ín lẹ́nu, ó lè gbà á, ó sì lè tu ú sí i láyà. Wíwẹ̀ ni ogun ńlá. Ọwọ́ tó máa ń fa ìlà tó gún régé láti igun ògiri dé igun ògiri, òun náà ló wá ń wá ihò bọ́tìnnì aṣọ obìnrin tó ń jà fitafita. Tó bá parí, á jókòó. Kó tó mí dáadáa, Ẹlẹ́rìn-ín á ti tú bọ́tìnnì náà. Ẹni tó wọ bàtà ló mọ ibi tó ti ń ta á lẹ́sẹ̀. Àwọn ará àdúgbò ń rí i pé aṣọ ń gbẹ lójoojúmọ́, wọ́n ní ilé náà mọ́ tónítóní.

Bí nǹkan ṣe wà nìyẹn títí di Sátidé kan tí àwọn Abèèrè wá. Arúgbó ni gbogbo wọn nígbà yẹn, wọn ò sì ju ìwọ̀nba lọ mọ́. Ẹni tí ẹnu rẹ̀ yá jù nínú wọn ni ọkùnrin kan tó ti jẹ́ ọ̀gá ilé-ìwé kó tó fẹ̀yìn tì. Ọ̀gá Ìwé ni wọ́n ń pè é. Èèyàn rere ni, ṣùgbọ́n tó bá ti rí ọ̀rọ̀ tuntun, á gbàgbé ẹni tó ni ọ̀rọ̀ náà.

Ẹlẹ́rìn-ín jókòó sí igun rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Bí oòrùn ṣe kan kọ́tíìnì, ó nàka. "Wọ́n ti dé."

Ọ̀gá Ìwé fẹ́rẹ̀ẹ́ fò sókè. "Àwọn wo, Màmá? Báwo ni wọ́n ṣe rí?" Ó kọjú sí àwọn yòókù. "Ẹ ò rí nǹkan! Gbogbo ọdún tí a fi ń wo ife, ẹni tó rí ìdajì kejì wà ní kíṣìnnì ilé yìí!"

Wọ́n gbé ife kúrò. Wọ́n fa àga Ẹlẹ́rìn-ín sáàárín, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹni gbé ẹyin, wọ́n sì jókòó yí i ká. Bàbá Pẹ́ntà wà níbẹ̀. Ó rẹ̀ ẹ́, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà kíṣìnnì pẹ̀lú aṣọ ìnuwọ́ léjìká, kò sì sọ̀rọ̀. Bóyá òun náà fẹ́ gbọ́.

"Ìmọ́lẹ̀ wo lẹ fi rí wọn, Màmá?"

"Ṣé láti iwájú ni àbí láti ẹ̀yìn?"

"Ṣé wọ́n ní òjìji?"

Ẹlẹ́rìn-ín wo ẹnu wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. "Kí ni mo ṣe?" ló wí. "Ẹ jọ̀ọ́. Mi ò jí nǹkan kan. Ẹ tú ilé wò. Mi ò jí nǹkan yín." Ó bú sẹ́kún bí ọmọdé, omi sì ń ṣàn lábẹ́ àga rẹ̀ lọ síbi bàtà Ọ̀gá Ìwé.

"Ẹ dìde," ni Bàbá Pẹ́ntà wí.

"Bàbá, a ò ní i lọ́kàn láti..."

"Mo ní kẹ́ ẹ dìde, kẹ́ ẹ máa lọ sílé yín!"

Kò sí ẹni tó gbọ́ ohùn yẹn lẹ́nu rẹ̀ rí láti ọjọ́ ògiri búlúù. Wọ́n kó fìlà wọn, wọ́n jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bàbá Pẹ́ntà kúnlẹ̀, ó nu ilẹ̀. Nígbà tó gbójú sókè, Ẹlẹ́rìn-ín ti dákẹ́, ó ń wò ó.

"Ẹ ṣeun, sà," ló wí. "Ẹ máa lọ báyìí. Ọkọ mi ò ní pẹ́ dé, kò ní dáa kó bá yín níbí."

Ẹ ṣeun, sà. Obìnrin tí ìyá ọkọ fi ìbáwí lé e títí tí kò gbà! Bàbá Pẹ́ntà ti rò pé òun ti múra sílẹ̀ de ọjọ́ tí yóò gbàgbé orúkọ òun. Kò rò ó rí pé ọ̀wọ̀ ni yóò fi lé òun jáde. Ó mú aṣọ tó tutù náà, ó lọ sí bálíkónì, ó sì dúró síbẹ̀ fún ìgbà pípẹ́, kò sá a, kò sì gbé e sílẹ̀.

Láti ọjọ́ náà ló ti di "sà" nínú ilé ara rẹ̀.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan lẹ́yìn ìyẹn, ó fẹ̀yìn ti àga kó lè sinmi díẹ̀, oorun sì gbé e lọ. Ìgbà tó máa lajú, ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀ gbayawu, àga Ẹlẹ́rìn-ín sì ṣófo. Ó sá jáde láìwọ bàtà. Ó bi mẹkáníìkì tó wà ní ìsọdá òpópónà. Mẹkáníìkì ní òun ò rí wọn, abẹ́ mọ́tò lòun wà. Ó bi obìnrin tó ń ta búrẹ́dì. Obìnrin náà ní, "Màmá? Wọ́n kí mi dáadáa. Wọ́n ní àwọn ń lọ pàdé Bàbá."

Ibùdókọ̀ ló ti rí i. Ó jókòó sórí bẹ́ńṣì, ó ká ọwọ́ lé itan, ó wọ bàtà méjì tí kì í ṣe ẹgbẹ́ ara wọn. Ojú rẹ̀ balẹ̀. Bàbá Pẹ́ntà di òpó mú kí èémí rẹ̀ lè balẹ̀.

"Ẹ káàsán, mà," ló wí.

"Ẹ káàsán, sà. Ẹ jókòó. Mọ́tò ò tíì dé."

Ó jókòó. "Ta lẹ̀ ń dúró dè?"

"Ọkọ mi. Ó lọ síbi iṣẹ́. Ilé ló ń kùn."

"Iṣẹ́ rere ni."

"Èèyàn rere ni òun náà. Kò mutí, kò gbé ọwọ́ lé mi rí. Ṣùgbọ́n ó ń rẹ̀ mí, sà. Mi ò lè purọ́ fún yín."

"Kí ló ń rẹ̀ yín?"

"Ìbéèrè rẹ̀. Tí mo bá ní ọbẹ̀ ti jóná, á ní ìmọ́lẹ̀ wo ni mo fi rí i. Ọbẹ̀ tí gbogbo ilé ń gbóòórùn rẹ̀!" Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀, ẹ̀rín náà sì kú. "Nígbà tí ọmọ wa kejì kú, mo sọ fún un pé ilé yìí ti ṣókùnkùn mọ́ mi lójú. Ó ní kí n wá jókòó sídìí fèrèsé kejì, kí n wò ó láti ibẹ̀. Mo lọ jókòó síbẹ̀. Ó ṣókùnkùn níbẹ̀ náà."

Bàbá Pẹ́ntà wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀ tí kò wọ bàtà.

"Ṣé ẹ sọ fún un?" ló bi í nígbẹ̀yìn.

"Kí ni mo fẹ́ sọ? Mo rẹ́rìn-ín. Ẹlẹ́rìn-ín ni wọ́n kúkú ń pè mí. Kó sáà ti ní bẹ́ẹ̀ ni, ohun tí mo fẹ́ ò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kó jókòó, kó ní, 'Ó ṣókùnkùn lóòótọ́.'"

Bí a bá ń sunkún, à á máa ríran, làwọn àgbà wí. Bàbá Pẹ́ntà ò rí títì mọ́. Mọ́tò kan wá dúró, àwọn èèyàn sọ̀ kalẹ̀, ó ń rí wọn bí ẹni tó ń wo nǹkan nísàlẹ̀ omi. Ó rántí ọ̀sán tí ó gbé àga náà lọ sídìí fèrèsé kejì. Ó rántí pé inú òun dùn sí ìmọ̀ràn tí òun gbà á.

"Ó ṣókùnkùn, mà," ló wí. "Ó ṣókùnkùn gan-an."

Ẹlẹ́rìn-ín yí padà, ó wò ó dáadáa. "Ẹ mọ̀ ọ́n? Ṣé ẹ̀yin náà ti pàdánù ọmọ rí ni?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Yéè! Ẹ pẹ̀lẹ́, sà." Ó gbé ọwọ́ lé e léjìká, ó ń rọra gbá a, bí a ṣe ń gbá ẹ̀yìn ọmọ tó fẹ́ sùn. "Ẹ pẹ̀lẹ́. Ọlọ́run á tù yín nínú."

Wọ́n jókòó bẹ́ẹ̀ títí mọ́tò mìíràn fi dé tó sì tún lọ. Nígbà tó yá, Bàbá Pẹ́ntà ní, "Ẹ jẹ́ ká lọ dúró dè é nílé, mà. Oòrùn yìí mú."

"Ẹ mọ ilé wa?"

"Mo mọ̀ ọ́n. Mo ti kun ibẹ̀ rí."

Ó gbà, wọ́n sì jọ rìn padà, bàtà kan ń dún kò, èkejì ò dún.

Nígbà tí Sátidé pé, àwọn Abèèrè wá bẹ̀ ẹ́. Ẹnu ọ̀nà ló ti gbà wọ́n. Ọ̀gá Ìwé dọ̀bálẹ̀, pẹ̀lú ọjọ́ orí rẹ̀. Bàbá Pẹ́ntà fà á dìde, ó ní òun ti gbàgbé ìyẹn, àmọ́ kí wọ́n lọ wá ibòmíràn tí wọn yóò ti máa jókòó.

"Ṣé ẹ ò gba ẹ̀kọ́ náà gbọ́ mọ́ ni?" ni Ọ̀gá Ìwé bi í, ohùn rẹ̀ sì rẹlẹ̀.

Bàbá Pẹ́ntà ronú sí i. "Mo gbà á gbọ́. Òótọ́ ni bàbá yẹn sọ, ìdajì lojú mi rí. Ṣùgbọ́n èèyàn kan gbé ìdajì tiẹ̀ wá fún mi nínú ilé yìí láìmọye ìgbà, ìbéèrè ni mo fi ń dá a padà." Ó gbọ́wọ́ lé férémù ilẹ̀kùn. "Ó rẹ̀ mí. Ẹ gbé ife yín, kẹ́ ẹ máa lọ."

Ife Ẹlẹ́rìn-ín ni, ṣùgbọ́n wọ́n gbé e lọ. Ilé Ọ̀gá Ìwé ni wọ́n ń pàdé sí lẹ́yìn ìyẹn. Nígbà tó yá, a ò gbúròó wọn mọ́.

Ní ti àwọn inú kọ́tíìnì, Bàbá Pẹ́ntà kọ́ bí a ṣe ń dáhùn. Tí Ẹlẹ́rìn-ín bá ní wọ́n ti dé, á ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, mà, wọ́n ti dé." Ní ìbẹ̀rẹ̀, ọ̀rọ̀ náà korò lẹ́nu rẹ̀ bí irọ́, nítorí pé kò rí ẹnikẹ́ni níbẹ̀, ẹni tó sì ti fi gbogbo ayé rẹ̀ yẹra fún sísọ ohun tí kò rí, kì í yí padà lọ́jọ́ kan. Ṣùgbọ́n ara Ẹlẹ́rìn-ín ń balẹ̀. Kì í ya aṣọ mọ́. Ìyẹn ò sọ pé ó mọ ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀. Kò mọ̀ ọ́n. Wíwẹ̀ ṣì jẹ́ ogun, aṣọ ṣì ń tutù.

Bàbá Pẹ́ntà fúnra rẹ̀ ló pe Aránṣọ. Obìnrin náà dé lọ́jọ́ kejì, pẹ̀lú báàgì ńlá kan àti ẹnu tó mú ju sísọ́ọ̀sì rẹ̀ lọ. Ó dúró láàárín pálọ̀, ó wo ọkọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ láti òkè délẹ̀.

"Bùrọ̀dá, ẹ wo bẹ́ ẹ ṣe dà! Ẹ rí bí aṣọ tí wọ́n fún tí wọ́n gbàgbé láti sá. Ẹ lọ sùn."

"Kò tíì jẹun. Tó o bá fún un ní búrẹ́dì, kó o kọ́kọ́..."

"Mo ti tọ́ ọmọ. Mo ti tọ́ ìyá ọkọ. Ẹ lọ sùn, ẹ jọ̀ọ́."

Bàbá Pẹ́ntà wọ yàrá, ó jókòó sétí ibùsùn, ó ń tẹ́tí. Ó gbọ́ tí Ẹlẹ́rìn-ín ní, "Àwọn wo nìyẹn nídìí kọ́tíìnì?" Ó fẹ́ dìde. Ó gbọ́ ohùn Aránṣọ: "Kí wọ́n gbé ẹsẹ̀ wọn sókè jàre, mo fẹ́ gbálẹ̀." Ẹ̀rín ló wá tẹ̀ lé e, ẹ̀rín tòótọ́, tó ń gòkè díẹ̀díẹ̀, Aránṣọ náà sì bá a rín in.

Bàbá Pẹ́ntà dùbúlẹ̀ pẹ̀lú ṣòkòtò àti bẹ́líìtì rẹ̀. Ó ṣì ní i lọ́kàn láti sọ fún Aránṣọ pé kó tan iná kó tó wọ kíṣìnnì, kó má baà yọ̀ lórí omi tó wà nílẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà ò dé ẹnu rẹ̀. Ó sùn. Aránṣọ wá yọ ojú lẹ́ẹ̀kan, ó fa ilẹ̀kùn padé, kò sì jí i fún oúnjẹ.